Àpò inú gíwà tí wọ́n ní kí Mama má sọ fún ẹnikẹ́ni

Ìbéèrè tó wọlé rèé, mo gé e kúrú díẹ̀: "Ọ̀gá, ẹ kú iṣẹ́ o. Ẹja ni mò ń tà ní Kabba, Lọ́kọ́jà ni mo ti ń rà á, ní Kpata, mo ń yan án kí n tó tà á. Oṣù tó kọjá ọkùnrin kan bá mi ní ìsọ̀, ó ní òun ò fẹ́ ẹja, àpò funfun inú gíwà ni òun ń wá, kí n máa yọ ọ́, kí n máa sá a gbẹ, òun á máa wá kó o. Iye tó dá lé e ju owó odindi ẹja lọ. Ó wá ní kí n má sọ fún ẹnikẹ́ni. Ọmọ mi tó wà ní Ìlọrin ní kí n ṣọ́ra, pé wọ́n ti ń fi ẹja ṣe fàyàwọ́ báyìí, pé àwọn kan ti wẹ̀wọ̀n torí ẹ̀. Ṣé ẹja náà ti di igbó ni? Kí ló kan ẹja odò tiwa nínú ẹ̀? Èmi Ìyá Bọ́lá."

Ìyá Bọ́lá, ọ̀kun o, ẹ kú ọjà, ẹ kú èéfín. Mo kọ́kọ́ rẹ́rìn-ín nígbà tí mo ka ibi tẹ́ ẹ ti ní ṣé ẹja ti di igbó, nígbà tó yá ẹ̀rín yẹn kúrò lẹ́nu mi, torí àwọn ẹja kan wà láyé yìí tí kílò kan wọn wọ́n ju kílò igbó lọ dáadáa, àwọn èèyàn sì ń tì wọ́n sínú báàgì gba pápá ọkọ̀ òfurufú kọjá bí ẹní kó oògùn olóró.

Ẹ jẹ́ kí n sọ èyí tó kàn yín gan-an kí n tó máa rojọ́ lọ. Àpò inú gíwà kì í ṣe èèwọ̀. Gíwà yìí, giwan ruwa ni àwọn Hausa ń pè é lẹ́kùn-únrẹ́rẹ́, ìyẹn erin omi, kò sí lára àwọn ẹja tí òfin àgbáyé dáàbò bò, wọn ò kà á mọ́ èyí tó fẹ́ tán nílẹ̀. Ẹ lè yọ àpò ẹ̀, ẹ lè tà á, ẹ lè sè é jẹ. Ohun tó dẹ́rù bà mí nínú ọ̀rọ̀ yín kọ́ ni àpò, "má sọ fún ẹnikẹ́ni" yẹn ni. Èwo ni ká máa ra ọjà tí ò lẹ́jọ́ nínú ká tún máa ní kí ẹni tó ń tà á panu mọ́? Ṣé ẹni tó ń ra ẹja yíyan lọ́wọ́ yín ti sọ bẹ́ẹ̀ fún yín rí?

Ẹ̀yin náà mọ àpò yẹn jù mí lọ. Bẹ́ ẹ bá la gíwà ńlá, tẹ́ ẹ ti kó ìfun àti ẹ̀dọ̀ sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, òun ló máa kù lókè níbẹ̀ lábẹ́ eegun ẹ̀yìn, funfun báláú, ó ń yọ̀ lọ́wọ́, afẹ́fẹ́ kún inú ẹ̀, òun ló ń jẹ́ kí ẹja lè dúró láàárín omi láì rì, láì sì léfòó. Tẹ́ ẹ bá là á, tẹ́ ẹ fọ ẹ̀jẹ̀ ara ẹ̀ kúrò, tẹ́ ẹ tẹ́ ẹ sórí wáyà nínú oòrùn fún ọjọ́ díẹ̀, á le, á pọ́n bí oyin, ẹ lè gbé e sókè kí ẹ rí ìmọ́lẹ̀ láti ẹ̀yìn ẹ̀. Nígbà tí mo kọ́kọ́ dé Lọ́kọ́jà, ológbò ni mo rí tó ń bá àwọn obìnrin du àpò yẹn létí omi, kò sẹ́ni tó tiẹ̀ lé e. Ní Ṣáínà àti Hong Kong, ọbẹ̀ ńlá ni wọ́n ń fi sè. Wọ́n ní ó ń mú awọ ara dán, wọ́n ní ó dáa fún aboyún, wọ́n fi ń ṣe àlejò èèyàn pàtàkì, àwọn míì ò tiẹ̀ jẹ ẹ́ rárá, wọ́n á kàn tọ́jú ẹ̀ bí ẹní tọ́jú góòlù, ó di ọjọ́ tí owó ẹ̀ bá gòkè kí wọ́n tó tà á.

Ibi tọ́rọ̀ ti bàjẹ́ nìyí. Ẹja kan wà létí òkun Ṣáínà tó ń jẹ́ bahaba, àpò tiẹ̀ ni wọ́n fẹ́ràn jù, wọ́n pa á pa á, ó fẹ́rẹ̀ẹ́ má ku ẹyọ kan. Ẹ̀yin náà, tí ẹja bá wọ́n ní Kpata, ṣé ẹ máa pa ìsọ̀ tì ni? Ẹ máa wọkọ̀ lọ Koton Karfe, àbí kẹ́ ẹ kọrí sí Ejiba létí dáàmù, ẹ á ṣáà wá a débi tó wà. Ohun tí wọ́n ṣe náà nìyẹn. Wọ́n wá ẹja tí àpò ẹ̀ jọ ti bahaba, wọ́n rí i ní Mẹ́síkò, ìhà kejì ayé, nínú apá òkun tóóró kan tí wọ́n ń pè ní Gulf of California. Totoaba lorúkọ tiẹ̀. Ó lè gùn tó mítà méjì, ó lè wúwo tó àpò sìmẹ́ǹtì méjì, kò sì sí níbòmíì nínú ayé àfi ibẹ̀ yẹn. Ìjọba Mẹ́síkò ti fòfin de pípa ẹ̀ láti 1975, àmọ́ owó tó wà nídìí ẹ̀ pọ̀ débi pé àwọn ẹgbẹ́ tó ń ṣe oògùn olóró gan-an kó wọ̀ ọ́, ìyẹn làwọn èèyàn fi ń pè é ní kokéènì inú òkun. Ẹ wá rí i pé ìbéèrè igbó tẹ́ ẹ bi mí yẹn ò jìnnà sóòótọ́.

Àwọ̀n tí wọ́n ń lò fún totoaba máa ń dúró bí ògiri nínú omi, ohunkóhun tó bá kọjá ló máa há sí i. Ẹranko kékeré kan wà nínú òkun yẹn náà tó ń jẹ́ vaquita, ìbátan dolphin ni, kò gùn ju mítà kan ààbọ̀ lọ, àyíká ojú ẹ̀ dúdú bí ẹni lé tìróò. Ó gbọ́dọ̀ yọrí síta kó mí bíi tèmi tiyín, torí náà tó bá ti há sínú àwọ̀n, ó parí fún un nìyẹn. Ní 1997 wọ́n ṣírò wọn, nǹkan bí 570 ni. Lónìí wọn ò pé 15 mọ́ ní gbogbo ayé. Kò sì sẹ́ni tó ń ra vaquita o, kò sẹ́ni tó ń jẹ ẹ́, àpò inú ẹja ẹlẹ́ja ló ń pa á.

Èyí tí ọmọ yín gbọ́ pé wọ́n torí ẹ̀ wẹ̀wọ̀n, ó jọ pé ti eel ni. Ẹja gígùn bí ejò ni eel, àwọn ará Japan àti Ṣáínà fẹ́ràn ẹ̀ bí a ṣe fẹ́ràn àrọ̀. Kẹ́ ẹ lè mọ ìdí tí wọ́n fi ń ṣe fàyàwọ́ ẹ̀, ẹ jẹ́ kí n fi àrọ̀ ṣàlàyé, torí kò sẹ́ni tí ò mọ ẹnì kan tó ń sin àrọ̀ lẹ́yìnkùlé. Ẹni tó ń ta ọmọ ẹja fún wọn kì í lọ odò. Á mú ìyá àrọ̀ kan tí ikùn ẹ̀ ti wú, á gún un lábẹ́rẹ́ Ovaprim, oògùn tó ń mú ẹja yé, ní alẹ́, tílẹ̀ bá mọ́ á rọra fi ọwọ́ tẹ̀ ẹ́ nínú, ẹyin á máa tú sínú abọ́ bíi jéró tí wọ́n rẹ sómi, á pa akọ kan, á gé àpò àtọ̀ ẹ̀ lé e lórí, á fi ìyẹ́ adìyẹ rò ó pọ̀ (ìyẹ́ adìyẹ ló dáa jù, ṣíbí á fọ́ ẹyin), tó bá fi máa di ọjọ́ kejì ọmọ ti ń jà gìrìgìrì lórí nẹ́ẹ̀tì. Ẹgbẹẹgbẹ̀rún, látara ìyá kan ṣoṣo.

Eel ò gba irú ẹ̀. Eel ti Yúróòpù, àárín òkun Atlantic lọ́hùn-ún ló ń lọ yé sí, níbi tí wọ́n ń pè ní Sargasso, ọmọ ẹ̀ á wá máa bá omi bọ̀ fún ọdún kan, ọdún méjì, títí á fi dé ẹnu odò ní Faransé àbí Sípéènì àbí ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Tí wọ́n bá dé, wọn ò ju ìka ọwọ́ lọ, tín-ín-rín bí òwú, ara wọn mọ́ gaara bíi gíláàsì, ojú dúdú méjì nìkan lẹ máa rí nínú omi. Nǹkan bí 3,000 ló ń di kílò kan. Àwọn onímọ̀ Japan rí irú eel tiwọn mú bímọ nínú lábù títí dé ìran kejì ní 2010, àmọ́ kò tíì tó nǹkan tí èèyàn máa fi ṣòwò. Torí náà eel tí wọ́n ń sìn nínú àwọn pọ́ńdì ńláńlá Éṣíà yẹn, odò ni wọ́n ṣì ti ń kó ọmọ ẹ̀. Ẹ rò ó wò ná, ká ní gbogbo pọ́ńdì àrọ̀ tó wà ní Nàìjíríà, láti Kabba dé Ìbàdàn dé Warri, odò Ọya nìkan ni wọ́n ti lè kó ọmọ ẹja, ọdún mélòó ni odò Ọya máa fi dúró?

Èyí tó ń wọlé sí odò Yúróòpù báyìí ti fi ohun tó lé ní 90 nínú ọgọ́rùn-ún dín sí ti àwọn ọdún 1970. Kì í ṣe fàyàwọ́ nìkan ló fà á o, àwọn dáàmù wà níbẹ̀, ìdọ̀tí omi wà níbẹ̀. Láti 2010 ni wọn ò ti gbà kó jáde kúrò ní Yúróòpù mọ́, ni wọ́n bá bẹ̀rẹ̀ sí í dì í sínú ọ̀rá pẹ̀lú omi díẹ̀ àti atẹ́gùn ọ́síjìn, tí wọ́n ń tò ó sínú báàgì tí wọ́n fi ń rìnrìn àjò. Ní February 2017, àwọn aṣọ́bodè tú ẹrù kan ní pápá ọkọ̀ òfurufú Heathrow ní Lọ́ńdọ̀nù, Hong Kong ni ẹrù yẹn ń lọ, ẹja tútù ni wọ́n kọ sára ẹ̀, lóòótọ́ ẹja tútù ló wà lókè. Ọmọ eel láàyè ló wà nísàlẹ̀, nǹkan bí 200 kílò. Nígbà tí kóòtù máa fi dá oníṣòwò ọ̀hún lẹ́bi ní 2020, wọ́n ní èyí tó ti kó kọjá láàárín ọdún méjì lé ní mílíọ̀nù márùn-ún ẹja, owó ẹ̀ tó mílíọ̀nù 53 pọ́n-ùn. Ẹ̀wọ̀n ọdún méjì, tí wọ́n ní kò ní ṣe é àfi tó bá tún dẹ́ṣẹ̀. Mílíọ̀nù 53! Ẹni tó jí ewúrẹ́ ní Iyara máa jìyà ju ìyẹn lọ.

Ẹ fi ọ̀rọ̀ "ẹja tútù ló wà lókè" yẹn sọ́kàn, mò ń bọ̀ wá bá a.

Òfin tó ń darí gbogbo ẹ̀ ni àdéhùn àwọn orílẹ̀-èdè lórí òwò ẹranko àti ewéko tó lè tán nílẹ̀, tí wọ́n ń pè ní CITES, 1975 ló bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́, Nàìjíríà ti wà nínú ẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀. Èyí tí ọ̀rọ̀ tiẹ̀ le jù nínú àwọn ẹran àti ẹja, ìpele kìíní ni wọ́n ń fi í sí, a kì í fi èyí tí wọ́n mú nínú igbó tàbí omi ṣòwò lọ sílẹ̀ òkèèrè. Ìpele kejì, ẹ lè tà á, àmọ́ ìwé àṣẹ ìjọba gbọ́dọ̀ tẹ̀ lé e. Totoaba wà ní ìkíní, eel ti Yúróòpù wà ní ìkejì, ọ̀pọ̀ ṣáàkì náà ti wọ ìkejì torí lẹbẹ wọn tí wọ́n ń gé. Tiwa ní Ìwọ̀ Oòrùn Áfíríkà tó dùn mí jù ni ẹja aláyùn, èyí tí ẹnu ẹ̀ yọ síwájú gbọọrọ pẹ̀lú eyín lọ́tùn-ún lósì bí ayùn káfíńtà, ìkíní lòun náà wà. Bẹ́ ẹ bá mọ ẹnì kan tó ń ná ọjà Kútọnu, ẹ ní kó fi owó CFA hàn yín, ẹja aláyùn ni àmì báǹkì àpapọ̀ wọn. Wọ́n ń ná ẹja yẹn lójoojúmọ́, ọ̀pọ̀ ọ̀dọ́ apẹja ní Senegal tó ń fi owó ọ̀hún ra epo sí ẹ́ńjìnnì ọkọ̀ ojú omi ò tíì fojú kàn án láàyè rí.

Ó dáa, odò tiwa ńkọ́? Mi ò ní purọ́ fún yín. Kì í ṣe oníṣòwò Ṣáínà ló jẹ́ kí ẹja Lọ́kọ́jà kéré sí ti àtijọ́. Dáàmù Kainji ti ń pín omi náà fún wa láti 1968, àwọ̀n ojú wẹ́wẹ́ ń kó ọmọ ẹja tí ò tíì yé rí, àti lókè lọ́dọ̀ tiwa níbí, oògùn kòkò, Gamalin. Mo dúró létí odò kékeré kan ní apá Yàgbà láàárọ̀ ọjọ́ kan, wọ́n ti da nǹkan sí i lórú, ẹja ti dorí kodò, gbogbo ikùn wọn funfun lójú omi láti ibi àpáta títí dé ibi táwọn obìnrin ti ń rẹ ẹ̀gẹ́, akàn pẹ̀lú ọ̀pọ̀lọ́ náà wà níbẹ̀, àwọn ọmọdé ń fi agbọ̀n kó ẹja yẹn pẹ̀lú ẹ̀rín. Wọ́n máa jẹ ẹ́ lálẹ́ ọjọ́ yẹn ni o. Ìwádìí kan tó jáde ní January 2025 yẹ ẹ̀dá inú omi aláìníyọ̀ tó lé ní 23,000 irú wò, ó ní nǹkan bí ìkan nínú mẹ́rin ló ṣeé ṣe kó parẹ́, omi tí wọ́n bà jẹ́ ló sì ṣíwájú nínú ohun tó ń pa wọ́n. Bí ẹ bá ní kí n sọ ohun tó ń pa ẹja ilẹ̀ Okun tiwa níbí ní tòótọ́, Gamalin ni mo máa kọ́kọ́ dárúkọ kí n tó kan onífàyàwọ́.

Àmọ́ ìyẹn ò ní kí onífàyàwọ́ má kàn wá. Ohun méjì. Àkọ́kọ́ ni ayu. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ń ná Kpata á mọ̀ ọ́n, ẹranko ńlá inú odò tó ń jẹ koríko, àwọn apẹja a máa tà á bí ẹni ta ẹja, kì í sì í ṣe ẹja, ó ń mí, ó ń fún ọmọ lọ́mú. Láti 2013 ló ti wà ní ìpele kìíní, òfin ilẹ̀ wa náà ò gbà kẹ́nikẹ́ni pa á. Ẹran ẹ̀ o, òróró ẹ̀ o, eegun ẹ̀ o, tí ẹnì kan bá gbé e dé ìsọ̀ yín, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má jẹ́ kó sọ ọ́ kalẹ̀. Ìkejì, Nàìjíríà ti di ọ̀nà tí wọ́n ń gbà kọjá. Ní 2021, kọ́sítọ̀ọ̀mù ká ìpẹ́ akika tó lé ní tọ́ọ̀nù méje mọ́ ilé kan ní Lẹ́kí l'Ékòó, pẹ̀lú eyín erin. Akika mélòó ló wà ní Èkó? Wọ́n kó o wá láti oko ibòmíì ni, ẹnì kan dúró ní ọjà ìlú kékeré kan, ó ní "ẹ máa kó o pamọ́ fún mi, mò ń bọ̀ wá san".

Ẹ wá rí ìdí tí mo fi ń ronú lórí ọkùnrin yín yìí. Eyín erin, ẹni tó bá rí i á mọ̀ pé erin ló ni ín. Ìpẹ́ akika ò jọ ìpẹ́ nǹkan míì. Àpò ẹja tó ti gbẹ kì í dá ara ẹ̀ fi hàn bẹ́ẹ̀. Èmi tí mo ti ń ṣe iṣẹ́ ẹja láti ọjọ́ pípẹ́ wá, tẹ́ ẹ bá da àpò mẹ́wàá tó gbẹ sílẹ̀ fún mi, mo lè mọ mẹ́rin, márùn-ún, èyí tó kù á di ti lábù. Tí wọ́n bá fẹ́ fi èyí tí òfin ò gbà kọjá, abẹ́ èyí tí òfin gbà ni wọ́n máa tì í sí, bíi ti Heathrow. Ti gíwà á wà lókè, orúkọ yín á sì wà nínú fóònù ẹ̀ pé ọ̀dọ̀ Ìyá Bọ́lá ní Kabba ló ti rà á.

Kò túmọ̀ sí pé olè ni o. Ó lè jẹ́ pé owó orí ló ń sá fún, ó sì lè jẹ́ pé kò fẹ́ kí àwọn obìnrin yòókù mọ iye tó ń san, kí wọ́n má bàa bù lé e, ìyẹn ni mo tiẹ̀ rò pé ó sún mọ́ ọn jù. Ọjà àpò gíwà wà lóòótọ́, Uganda àti Tanzania ń ta tiwọn láti adágún Victoria lọ Ṣáínà ní gbangba (ẹ tún wo ayé bó ṣe rí, ní àwọn ọdún 1950 làwọn òyìnbó kó gíwà dà sínú adágún yẹn, ó sì jẹ ọ̀pọ̀ irú àwọn ẹja kéékèèké tó bá níbẹ̀ run, ẹja tó jẹ́ tiwa níbí di wàhálà lọ́hùn-ún). Torí náà tó bá padà wá, ẹ fi sùúrù bi í pé ta ló ń ṣiṣẹ́ fún, ṣé ilé iṣẹ́ náà ní ìwé, ìlú wo ló ń kó o lọ, ta ló máa gba ìwé ẹ̀rí lọ́wọ́ ẹ̀ka ẹja ìjọba àpapọ̀ kó tó wọ ọkọ̀ òfurufú. Oníṣòwò gidi ti ní ìdáhùn ìyẹn lẹ́nu. Tó bá bẹ̀rẹ̀ sí í bínú, tàbí ó fowó kún owó dípò kó dáhùn, ẹ jẹ́ kó máa lọ. Ẹ má gbà kó gbé àpò ẹja míì wá sá lórí wáyà yín, bó wù kó pè é ní gíwà. Ẹ má bá a gbé báàgì lọ Àbújá tàbí Èkó, ẹ má fún un ní NIN yín. Èyí tẹ́ ẹ bá tà fún un, ẹ kọ ọ́ sínú ìwé, ọjọ́, iye kílò, ọ̀dọ̀ ẹni tẹ́ ẹ ti ra ẹja. Tẹ́ ẹ bá rí nǹkan tí ò yé yín, ẹ ya fọ́tò ẹ̀, kọ́sítọ̀ọ̀mù ní ẹ̀ka tó ń rí sí ọ̀rọ̀ ẹran ìgbẹ́, NESREA, àjọ ìjọba àpapọ̀ tó ń rí sí òfin àyíká, náà wà.

Tó bá sì sá lọ tí kò padà mọ́, àwọn àpò tẹ́ ẹ ti sá yẹn ò ṣòfò. Ẹ rẹ ẹ́ sínú omi mọ́jú, ẹ bọ̀ ọ́ díẹ̀ kí òórùn odò kúrò lára ẹ̀, ó máa rọ̀ bíi pọ̀nmọ́, ẹ gé e sínú ẹ̀gúsí, kẹ́ ẹ bu tèmi sílẹ̀, mo ń gba Kabba kọjá lọ Mopa lọ́sẹ̀ tó ń bọ̀.